Ọjọ́ Kan Péré Tí Mo Wá Síṣẹ́

Ẹ jókòó dáadáa, ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ ka ìtàn yìí, nítorí ọkùnrin tí mo fẹ́ fi ṣe yẹ̀yẹ́ kì í ṣe èèyàn kékeré. Ó ga, ó sanra, ikùn rẹ̀ máa ń ṣáájú rẹ̀ wọ yàrá, ó sì ní oyè mọ́kàndínlógún tó jẹ́ pé òun fúnra rẹ̀ ló fi ara rẹ̀ jẹ. Ẹ ò ní pẹ́ mọ̀ ọ́n. Ẹ kàn jẹ́ kí n kọ́kọ́ wo ara mi nínú dígí ná, nítorí èmi gan-an ni.

Ọdún mẹ́fà ni mo fi jẹ́ ọ̀gá ilé-iṣẹ́ omi ìlú wa. Iṣẹ́ ibẹ̀ kò ṣòro láti ṣàlàyé. A ń fa omi láti inú odò, a ń sẹ́ ẹ kó mọ́, a sì ń fi ẹ̀rọ tì í gba inú páìpù lọ sí ilé àwọn èèyàn. Ẹ wo gbogbo rẹ̀ láti odò dé ilé, ẹ ò ní rí ibì kan tí wọ́n ti nílò mi. Èmi náà rí i lọ́sẹ̀ tí mo débẹ̀, ó dùn mí gan-an, ni mo bá wá iṣẹ́ fún ara mi. Iṣẹ́ tí mo rí ni kí n máa tóbi.

Mo ní kí wọ́n máa pè mí ní Ọ̀gá Pátápátá. Mo pa á láṣẹ pé bí mo bá ń kọjá, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbójú sókè wò mí, ilẹ̀ ni kí wọ́n máa wò. Mo fi gíláàsì dúdú sí ọkọ̀ mi, mo tún ta aṣọ sáàárín èmi àti awakọ̀, kí èémí rẹ̀ má baà ba ìrònú mi jẹ́. Ìrònú wo? Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ bá àwọn òṣìṣẹ́ sọ ni mo máa ń kà níbẹ̀, bí mo bá sì dé ibi tó dùn, màá pàtẹ́wọ́ fún ara mi.

Gbogbo àárọ̀ ọjọ́ Ajé ni mo máa ń kó wọn jọ sínú gbàgede.

"Ẹ̀yin òṣìṣẹ́ mi," ni mo máa ń wí, "kí n tó dé síbí, omi ń ṣàn, ṣùgbọ́n ṣé omi mọ ibi tó ń lọ? Kò mọ̀ ọ́n! Ta ló là á lójú? Èmi ni! Mo gbé ọwọ́ mi sókè báyìí, mo ní, 'Omi, gba ibí!'"

"Ó sì gba ibẹ̀!" ni Akọ̀wé mi máa ń dáhùn.

Akọ̀wé yìí jẹ́ ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti tẹ̀ níbi tó ti ń kí mi. Ó mọ bí wọ́n ṣe ń pọ́n èèyàn lé ju bó ṣe mọ ìwé kọ lọ. Lọ́jọ́ kan lẹ́yìn tí òjò rọ̀, ó wọlé tọ̀ mí wá, ó ní, "Ọ̀gá Pátápátá, a dúpẹ́ òjò àná. Mo kàn wò ó bó ṣe ń rọ̀, mo mọ̀ pé ẹ̀yin lẹ fọwọ́ sí i." Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má rẹ́rìn-ín jù. Mo rò ó wò fún ìgbà díẹ̀, mo sì wí fún un pé kó má sọ fún ẹnikẹ́ni.

Nǹkan tí mo fẹ́ràn jù láyé ni kí n fọwọ́ síwèé, ẹ fi eléyìí sọ́kàn, torí òun ló padà wá pa mí. Rẹ́jísítà ńlá kan wà lẹ́nu géètì, níbi tí gbogbo òṣìṣẹ́ ti ń kọ orúkọ wọn, aago tí wọ́n dé àti aago tí wọ́n lọ. Èmi kì í kọ tèmi. Kí n tò sẹ́yìn agbálẹ̀ láti kọ orúkọ? Ó tì o! Ṣùgbọ́n mo ní kí wọ́n máa gbé ìwé náà wá fún mi lójoojúmọ́, kí n fọwọ́ sí i nísàlẹ̀. Ìránṣẹ́ méjì ló máa ń dì í mú, Akọ̀wé á sì dúró ti íńkì. Èmi á ká apá aṣọ mi sókè. Ọwọ́ tí mo ń fi sí i máa ń tó ìṣẹ́jú kan ààbọ̀. Yóò yí po lẹ́ẹ̀mẹta, yóò lọ, yóò bọ̀, yóò sì parí sí àmì tó-tó méjì bí ẹ̀kán íńkì. Lábẹ́ rẹ̀ ni màá wá kọ ọ́ pé: *Mo ti yẹ̀ ẹ́ wò fínnífínní, òótọ́ ni gbogbo rẹ̀.* Wọ́n á pàtẹ́wọ́, a ó sì pa ìwé dé.

Ìyàwó mi bi mí nígbà kan nílé pé, "Ọkọ mi, àwọn nǹkan tí ẹ ń fọwọ́ sí yìí, ṣé ẹ máa ń kà á?"

Mo rẹ́rìn-ín. Mo ní, "Kíkà kẹ̀? Iṣẹ́ ọmọọṣẹ́ nìyẹn."

Ó wò mí títí, ó ní kí n bá òun gbé pàǹtí ilé ìdáná síta. Mo gbé e síta. Ọ̀gá Pátápátá kò dé ilé wa rí.

Obìnrin kan wà nílé-iṣẹ́ náà tí wọ́n ń pè ní Ìyá Ẹ̀rọ. Òun ló ń mójú tó yàrá ẹ̀rọ, níbi tí páìpù ńlá ti ń gba abẹ́ ilẹ̀ jáde. Kẹ̀kẹ́ irin kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń fi ọwọ́ méjèèjì yí láti ṣí omi tàbí láti tì í. Aago kan wà lókè rẹ̀ tí kì í sọ àkókò, agbára omi inú páìpù ló ń sọ. Bí abẹ́rẹ́ aago náà bá ti wọ ibi pupa, àfi kí ó tètè yí kẹ̀kẹ́ kó tó di wàhálà. Ọdún mẹ́rìnlá ló ti wà lẹ́nu iṣẹ́ yìí. Owó oṣù rẹ̀ ló ń bọ́ ìyá rẹ̀ arúgbó, òun náà ló sì fi ń rán ọmọbìnrin rẹ̀ nílé ìwé, torí ọkọ rẹ̀ ti kú.

Lọ́jọ́ kan, mo ní mo fẹ́ ṣàbẹ̀wò sí yàrá ẹ̀rọ. Àwa mẹ́jọ la lọ, ẹnì kan sì ṣí agbòòrùn lé mi lórí bó tilẹ̀ jẹ́ pé abẹ́ òrùlé la wà. A wọlé. Akọ̀wé kígbe orúkọ mi pẹ̀lú oyè mẹ́sàn-án àkọ́kọ́. Gbogbo ẹni tó wà níbẹ̀ dìde, wọ́n ń wolẹ̀. Ìyá Ẹ̀rọ kò yíjú. Ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà lórí kẹ̀kẹ́, ojú rẹ̀ sì wà lára abẹ́rẹ́.

"Ẹ dúró díẹ̀ ná, sà," ló wí.

Èmi kẹ̀? Kí n dúró? Mo wo ẹ̀yìn mi bóyá ẹlòmíràn ló ń bá wí.

"Obìnrin," ni mo bú ramúramù, "ǹjẹ́ o mọ ẹni tó dúró lẹ́yìn rẹ?"

"Mo mọ̀ ọ́n, sà. Ẹ jọ̀ọ́, ó ku yíyí mẹ́ta."

"Ó ku yíyí mẹ́ta!" Akọ̀wé gbá àyà mú. "Ó ń ka yíyí fún Ọ̀gá Pátápátá! Ẹ gbà mí o! Ẹ fún mi ní àga!"

Wọ́n fún un ní àga. Obìnrin náà yí i lẹ́ẹ̀kíní, ó yí i lẹ́ẹ̀kejì, ó yí i lẹ́ẹ̀kẹta, abẹ́rẹ́ sì rọra padà wálẹ̀. Ó wá nu ọwọ́ rẹ̀, ó tẹríba fún mi dáadáa. "Ẹ káàárọ̀, sà. Ẹ má bínú. Ká ní mo fi í sílẹ̀ ni, páìpù ì bá ti bẹ́." Ó yíjú sí ara ògiri, ó mú ìwé pẹlẹbẹ kan tó fi ìṣó kọ́ síbẹ̀, ó kọ nǹkan sínú rẹ̀, bó ṣe máa ń kọ ọ́ nígbà gbogbo tó bá yí kẹ̀kẹ́ tán. N kò béèrè ohun tó kọ, mo ti yí ẹ̀yìn padà.

Nínú ọ́fíìsì mi, mo ní kí Akọ̀wé kọ ìwé ìlénilọ.

Ó sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé, "Ọ̀gá, òfin iṣẹ́ ní ká kọ́kọ́ fún un ní kúẹ́rì, ká sì gbọ́ tẹnu rẹ̀."

"Òfin wo ló tó mi nínú ọgbà yìí?"

"Kò sí, sà. Mo kàn fẹ́ gbọ́ kí ẹ fi ẹnu ara yín sọ ọ́ ni, torí ó máa ń dùn létí." Ó ti ẹnu kálàmù bọ íńkì díẹ̀. "Ìdí wo ni ká wá kọ, sà?"

"Orúkọ mi tó wà lókè ìwé ni ìdí."

Ó yẹ kí n sọ fún yín nípa ìwé mi. Oyè mọ́kàndínlógún náà ni mo ní kí wọ́n tẹ̀ sí orí rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ìlà tirẹ̀: Ọ̀gá Pátápátá, Olùdarí Omi, Alákòóso Páìpù Gbogbo, Baba Ẹ̀rọ, Ẹni Tí Odò Ń Bẹ̀rù, àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Bí wọ́n bá tẹ gbogbo rẹ̀ tán, àyè tó máa ń ṣẹ́kù nísàlẹ̀ kò ju ìbú ìka méjì lọ. Mo sì ti fòfin de kí wọ́n máa lo abala ìwé kejì, torí lójú tèmi, ojo ló ń kọ abala méjì. Nítorí náà, kò sí àyè fún orúkọ obìnrin náà. Kò sí àyè fún ọjọ́ tàbí ìdí. Ohun tó gba ibẹ̀ ni *Máa lọ sílé*, èmi náà sì fọwọ́ mi tó gùn bí ejò bò ó mọ́lẹ̀.

Ìyá Ẹ̀rọ mú ìwé yìí lọ sẹ́nu géètì, omi ń dà lójú rẹ̀. Ó fẹ́ dágbére fún Baba Géètì. Baba Géètì ni arúgbó tó ń tọ́jú rẹ́jísítà. Òwú ló fi so awò ojú rẹ̀ mọ́ etí, kò sì sí ohun tí wọ́n kọ sílẹ̀ tí kì í kà, títí kan bébà tí wọ́n fi wé ọṣẹ. Ó ka ìwé mi lókè, ó kà á nísàlẹ̀, ó yí i wò lẹ́yìn.

"Ta ni wọ́n kọ ọ́ sí?"

"Èmi ni, bàbá."

"Orúkọ ẹ dà níbẹ̀?"

"Kò sí."

"Èmi náà ò rí i. Orúkọ ọ̀gá nìkan ni mo rí, ìlà mọ́kàndínlógún gbáko. Tí wọ́n bá ní kí ẹnì kan máa lọ sílé, ó jọ pé òun ni wọ́n ń sọ fún." Ó ṣí rẹ́jísítà, ó na kálàmù sí i. "Èmi ò lè lé ẹni tí wọn ò dárúkọ. Lọ́la, máa bọ̀ ní aago méje. Kọ orúkọ ẹ, ọmọ mi."

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ní aago méje gbogbo àárọ̀, ó dé, ó kọ orúkọ rẹ̀. Wọ́n ti fi àgádágodo sí yàrá ẹ̀rọ mọ́ ọn, ó sì ń jókòó sórí bẹ́ǹṣì lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì títí di aago mẹ́rin, ó ń sọ fún ẹnikẹ́ni tó bá béèrè pé òun ti ṣe tán láti ṣiṣẹ́. Bí aago mẹ́rin bá lù, á kọ aago tó ń lọ. Oṣù mọ́kànlá! Èmi náà ń gba iwájú rẹ̀ kọjá lójoojúmọ́ nínú ọkọ̀ mi, mò ń pàtẹ́wọ́ fún ara mi lẹ́yìn gíláàsì dúdú. Nírọ̀lẹ́, wọ́n á gbé rẹ́jísítà wá, èmi á sì fọwọ́ sí i pé mo ti yẹ̀ ẹ́ wò fínnífínní, pé òótọ́ ni gbogbo rẹ̀.

Akọ̀wé ti lọ fẹnu sọ fún akápò, wọn ò sì san kọ́bọ̀ fún obìnrin náà mọ́. Lóṣù kẹta, ó ta ẹ̀rọ ìránṣọ ìyá rẹ̀. Lóṣù karùn-ún, wọ́n dá ọmọ rẹ̀ padà sílé láti ilé ìwé. Mo ti lọ wádìí ohun tí èmi ń ṣe lọ́jọ́ náà gan-an. Wákàtí mẹ́rin ni mo fi ṣèpàdé lórí àwọ̀ tí kọ́tìnì ọ́fíìsì mi yóò jẹ́. Ojú ń tì mí bí mo ṣe ń kọ ọ́ yìí, mi ò sì ní fi ẹ̀fẹ̀ bò ó mọ́lẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tó yẹ kí ẹ rẹ́rìn-ín sí. Àbúrò Akọ̀wé ni mo fi sí yàrá ẹ̀rọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà kò mọ kẹ̀kẹ́ irin yàtọ̀ sí ìdérí ìkòkò, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó lè tẹríba yá jù ú lọ. Bí ẹ bá wúkọ́ lẹ́yìn ilé, ó ti dọ̀bálẹ̀. Lọ́jọ́ kan, mò ń sọ̀rọ̀ fún àwọn àlejò nínú ọ́fíìsì mi, ọ́fíìsì náà sì wà lórí páìpù ńlá gan-an. Abẹ́rẹ́ ti wọ ibi pupa. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà gbọ́ ohùn mi láti ojú fèrèsé, ó fi kẹ̀kẹ́ sílẹ̀, ó dọ̀bálẹ̀ sí ohùn náà, kò sì dìde.

"Mo gbé ọwọ́ mi sókè báyìí," ni mo ń sọ fún àwọn àlejò, "mo ní, 'Omi, gba ibí!'"

Ilẹ̀ ọ́fíìsì bẹ́ gbàù. Omi ru gùdù láti abẹ́ àga mi, ó gbé tábìlì, ó gbé kọ́tìnì tuntun, ó ṣí fìlà lórí mi, ó sì gbé e gba ojú fèrèsé lọ.

"Ó sì gba ibẹ̀!" ni Akọ̀wé wí, torí ẹnu rẹ̀ ti mọ́ ọn lára.

Ẹ ò ní gbàgbọ́ pé n kò ronú nípa Ìyá Ẹ̀rọ lọ́jọ́ náà. Mo ní kí wọ́n kọ ìwé sí páìpù kí n bá a wí ni.

Nígbà tó pé oṣù mọ́kànlá, Ìyá Ẹ̀rọ gbé wa lọ sí kóòtù àwọn òṣìṣẹ́. Mo múra bí ọjọ́ ìgbéyàwó. Adájọ́ jẹ́ obìnrin kékeré kan tí ohùn rẹ̀ kì í ròkè, o ní láti na ọrùn kí o tó gbọ́ ọ.

"Ẹ ka ìwé tí ẹ fi lé e," ló wí.

Mo dìde. Mo ka oyè kìíní. Mo ka èkejì. Nígbà tí mo dé ìkẹtàlá, akọ̀wé kóòtù ti ń gbá orí sí tábìlì. Mo ka ìkọkàndínlógún, mo dákẹ́ fún àtẹ́wọ́. Kò sẹ́ni tó pa á.

"A ti gbọ́ ta lẹ jẹ́," ni Adájọ́ wí. "Ìwé náà dà?"

"Máa lọ sílé," ni mo kà.

"Ta ni kó máa lọ?"

"Obìnrin yìí ni, Olúwa mi."

"Níbo ni wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sí? Kí ló ṣe? Ọjọ́ wo ni? Ṣé ẹ fún un ní kúẹ́rì? Ṣé ẹ gbọ́ tẹnu rẹ̀?"

Mo wo Akọ̀wé, ilẹ̀ ló ń wò.

Mo ní, "Olúwa mi, kò sí àyè lórí ìwé."

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí Adájọ́ fi fi òòlù kan tábìlì lẹ́ẹ̀mejì. Ṣùgbọ́n mo ṣì ní ọfà kan lápò, mo sì ta á. Mo ní bó tiẹ̀ jẹ́ bẹ́ẹ̀, obìnrin náà kò ṣiṣẹ́ fún oṣù mọ́kànlá, kò wá síbi iṣẹ́ rárá, owó wo ló wá ń béèrè? Baba Géètì ló dìde láti ẹ̀yìn, ó gbé rẹ́jísítà wá sórí tábìlì, ó rọra ń ṣí i ní abala kan tẹ̀ lé èkejì. Igba ó lé ogójì abala. Orúkọ obìnrin náà wà ní gbogbo rẹ̀, aago méje, aago mẹ́rin. Nísàlẹ̀ gbogbo rẹ̀, ọwọ́ ta ló yí po lẹ́ẹ̀mẹta tó parí sí àmì tó-tó méjì?

"Ṣé ọwọ́ yín nìyí?" Adájọ́ béèrè.

Kò sí bí mo ṣe lè sẹ́ ẹ. Kò sí ẹlòmíràn láyé tó lè fara da irú ọwọ́ bẹ́ẹ̀.

Ó ní, "Ẹ kọ ọ́ síbí pé ẹ ti yẹ̀ ẹ́ wò fínnífínní. Ẹ̀yin fúnra yín lẹ jẹ́rìí fún un nígbà igba ó lé ogójì pé ó wá síṣẹ́. Ẹni tí wọn ò lé bó ṣe yẹ ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́. Ẹ ṣí yàrá ẹ̀rọ fún un lọ́la, kí ẹ sì san owó oṣù mọ́kànlá rẹ̀ pé pérépéré."

Ìyá Ẹ̀rọ fi ọwọ́ bo ojú, ó sì sunkún níbẹ̀. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ọmọ rẹ̀ padà sílé ìwé.

Ẹ rò pé ó ti tán? Ọ̀rọ̀ owó náà dé etí Ìgbìmọ̀ Alákòóso ilé-iṣẹ́ wa, wọ́n fẹ́ mọ irú ọ̀gá tó ń fọwọ́ sí ohun tí kò kà. Wọ́n ní kí wọ́n gbé rẹ́jísítà ọdún mẹ́fà wá fún wọn. Lẹ́yìn oṣù kan, ìwé dé sọ́wọ́ mi. Orúkọ mi wà níbẹ̀ láìsí oyè kankan, ọjọ́ wà níbẹ̀, ìdí náà wà níbẹ̀. Wọ́n ní, *A ti yẹ rẹ́jísítà wò, èyí tí ẹ̀yin fúnra yín jẹ́rìí sí pé òótọ́ ni gbogbo rẹ̀. Ọwọ́ yín wà nísàlẹ̀, ṣùgbọ́n orúkọ yín, aago tí ẹ dé àti aago tí ẹ lọ kò sí nínú rẹ̀ lọ́jọ́ kan ṣoṣo. Nítorí náà, ẹ kò wá síṣẹ́ rí láti ọdún mẹ́fà. A yọ yín níṣẹ́ láti òní. Kí ẹ sì dá owó oṣù ọdún mẹ́fà padà.*

Mo rẹ́rìn-ín níṣẹ́jú àkọ́kọ́. Ọ̀ọ́dúnrún òṣìṣẹ́ ló mọ̀ pé mò ń wá síṣẹ́! Mo gbé ẹjọ́ náà lọ sí kóòtù àwọn òṣìṣẹ́, mo sì sáré lọ bá Akọ̀wé pé kó wá jẹ́rìí fún mi.

Ó ní, "Ọ̀gá, ẹ̀yin lẹ ní ká máa wolẹ̀. Bàtà kan máa ń kọjá lóòótọ́, bàtà tó dáa ni. Ṣùgbọ́n mi ò lè búra pé ẹsẹ̀ yín ló wà nínú ẹ̀."

Awakọ̀ mi ní òun máa ń gbọ́ àtẹ́wọ́ lẹ́yìn aṣọ, òun ò sì mọ ẹni tó ń pa á. Àwọn ìránṣẹ́ méjì tó ń di rẹ́jísítà mú fún mi náà ní ara ìwé ni ojú àwọn máa ń wà, pé àwọn ò rí ju ọwọ́ kan tó ń yí po. Mo tọ ènìyàn mọ́kànlélógún lọ. Ilẹ̀ nìkan ni gbogbo wọn mọ̀, wọ́n sì mọ̀ ọ́n dáadáa. Mo padà sílé, mo jókòó sínú ilé ìdáná.

"Ẹ lọ bá obìnrin yẹn," ni ìyàwó mi wí.

"Obìnrin wo?"

"Ẹni tó ní kí ẹ dúró."

Ẹsẹ̀ ni mo fi rìn débẹ̀, wọ́n ti gba ọkọ̀. Baba Géètì na ìwé àlejò sí mi. Mo ká apá aṣọ mi sókè, mo bẹ̀rẹ̀ sí í yí ọwọ́ po.

"Orúkọ nìkan," ló wí. "Àwọn èèyàn wà lẹ́yìn yín."

Mo kọ orúkọ nìkan. Ó tẹ̀ba láti kà á, ó fi ìka tọ́ ọ, ó ní ó dáa, pé ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí òun yóò rí i.

Nígbà tí mo wọ yàrá ẹ̀rọ, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà lórí kẹ̀kẹ́ irin, ojú rẹ̀ sì wà lára abẹ́rẹ́.

"Ẹ dúró díẹ̀ ná, sà."

Mo ṣí fìlà, mo dúró. Ó yí i, ó wò ó, ó tún yí i. N kò kú. Ó nu ọwọ́, ó yíjú, ó rí i pé èmi ni, kò sì rẹ́rìn-ín. Ó fún mi ní àga. Mo na ìwé Ìgbìmọ̀ sí i, ó kà á parí.

"Wọn ò fún yín ní kúẹ́rì?"

"Rárá."

"Wọn ò pè yín kí wọ́n gbọ́ tẹnu yín?"

"Wọn ò pè mí."

"Ìyẹn ò dáa," ló wí. "Wọn ò gbọdọ̀ lé èèyàn bẹ́ẹ̀."

Gbogbo ohun tí wọ́n ti fi mí ṣe láti oṣù kan, yẹ̀yẹ́ àti ẹ̀rín, n kò sunkún sí i. Èyí ló mú mi sunkún. Mo bẹ̀ ẹ́ níbẹ̀, kì í ṣe ẹ̀bẹ̀ àtàtà, mi ò mọ̀ ọ́n ṣe, mo kàn ń sọ ọ́ pé kó má bínú, kó má bínú. Ó jẹ́ kí n sọ ọ́ tán.

"Mo ti gbọ́," ló wí. "Ẹ nu ojú yín."

Mo ní, "O jókòó sẹ́nu géètì yẹn fún oṣù mọ́kànlá. Ṣé o rí mi tí mò ń wọlé? Ṣé o lè wá jẹ́rìí?"

Ó ní, "Ọkọ̀ yín ni mo máa ń rí. Gíláàsì ẹ̀ dúdú, mi ò lè búra pé ẹ wà nínú ẹ̀. Mi ò ní parọ́ ní kóòtù, sà, ì báà ṣe torí yín tàbí torí ẹnikẹ́ni." Lẹ́yìn náà ó dìde, ó lọ síbi ìṣó ara ògiri, ó mú ìwé pẹlẹbẹ yẹn, ó ń ṣí i sẹ́yìn. "Ọjọ́ kan péré wà tí mo lè búra sí. Mo kọ ọ́ síbí lójú ẹsẹ̀."

Ó gbé e fún mi. Mo ń kàwé báyìí, nítorí náà mo rọra kà á láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Lẹ́yìn ọjọ́ àti oṣù, ó kọ ọ́ pé: *Aago mẹ́wàá kọjá ogún ìṣẹ́jú. Abẹ́rẹ́ wọ ibi pupa. Ọ̀gá wọlé, mo rí wọn lójúkojú. Mo ní kí wọ́n dúró kí n ti omi. Mo tì í. Páìpù kò bẹ́.* Lábẹ́ rẹ̀, pẹ̀lú íńkì mìíràn: *Aago méjìlá. Wọ́n lé mi.*

Ọjọ́ Ajé tó ń bọ̀ ni ẹjọ́ mi. Nínú ọdún mẹ́fà, mo ní ọjọ́ kan, ẹlẹ́rìí kan, ìlà díẹ̀ nínú ìwé tó wà lára ìṣó. Èmi fúnra mi ni màá dìde kà á fún Adájọ́, láìsí oyè, kó lè mọ̀ pé mo wá síṣẹ́ lọ́jọ́ kan, kó sì mọ ohun tí mo wá ṣe.